Ẹyẹ pupa onírù gígùn kọ́ ìtẹ́ sétí odò oko wa: ṣé ká ṣì gé igi ibẹ̀?

ỌmọÌyàmoyè:
Òkun o, ẹ̀yin ará ilé. Ọ̀rọ̀ kan ń fa àríyànjiyàn nílé wa, mo fẹ́ kí ẹ bá mi dá sí i.

Oko kókó tí bàbá wa fi sílẹ̀ wà lápá Ìyàmoyè ní Ìpínlẹ̀ Kogí, odò kékeré kan sì gba àárín rẹ̀ kọjá. Bèbè odò náà lọ́tùn-ún lósì, igi ńláńlá àti ìtàkùn ló kún un. Bàbá wa kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi àdá kàn án nígbà ayé rẹ̀. Ní báyìí, àwọn ẹ̀gbọ́n mi fẹ́ gé gbogbo rẹ̀, kí a lè máa gbin tẹ̀tẹ̀, ata àti tòmátì síbẹ̀ lẹ́ẹ̀rùn, torí pé ilẹ̀ ibẹ̀ kì í gbẹ. Onípákó ti wá wo ìrókò àti àfàrà tó wà níbẹ̀, ó ti dá iye lé wọn.

Ibi tí mo ti ń ro ọ̀nà oko ni mo ti rí ẹyẹ yìí. Orí rẹ̀ dúdú, ó ń dán, ìyẹ́ kan sì dìde ṣóńṣó lẹ́yìn orí rẹ̀. Àwọ̀ búlúù yí ojú rẹ̀ ká, ẹnu rẹ̀ náà ní àwọ̀ yẹn. Àyà rẹ̀ jẹ́ àwọ̀ eérú, ẹ̀yìn rẹ̀ pupa bí osùn, ìyẹ́ méjì nínú ìrù rẹ̀ sì gùn ju gbogbo ara rẹ̀ lọ. Ibi tí ẹ̀ka tín-ín-rín kan ti pín sí méjì lókè omi ló kọ́ ìtẹ́ sí, ẹni tó bá nawọ́ yóò kàn án. Ìtẹ́ náà kéré gan-an, ọmọ ìka mẹ́ta ni yóò kún un. Akọ onírù gígùn yẹn gan-an ni mo bá tó ń sàba, ìrù rẹ̀ rọ̀ sílẹ̀ sẹ́yìn ìtẹ́, afẹ́fẹ́ ń gbé e síhìn-ín sọ́hùn-ún.

Ẹyẹ wo ni? Tí a bá gé etí odò náà, ṣé yóò rí ibòmíràn lọ? Ṣé ó ń ṣe oko lóore ni, àbí ó ń bà á jẹ́?

Àgbẹ̀Kàbbà:
Àbúrò, o kú iṣẹ́ o. Èmi kì í ṣe ọ̀tá ẹyẹ, ṣùgbọ́n jẹ́ kí n bá ọ sọ bó ṣe wà. Tòmátì ẹ̀ẹ̀rùn ń mú owó wọlé ju kókó lọ lọ́dún mìíràn, pàápàá nígbà tí ti Òkè Ọya kò bá dé ọjà dáadáa. Owó ilé ẹ̀kọ́ àwọn ọmọ kò ní dúró de ẹyẹ. Ẹyẹ sì rèé, ó ní apá, yóò fò lọ sí igbó mìíràn. Àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ kò sọ̀rọ̀ burúkú.

OlùwòẸyẹ_Mópà:
Ẹ kú ìjíròrò o. Ọ̀gbẹ́ni ỌmọÌyàmoyè, bí ẹ ṣe ṣàpèjúwe rẹ̀ yìí kò ní kí ènìyàn ṣiyèméjì. African Paradise Flycatcher ni, Terpsiphone viridis lórúkọ sáyẹ́ǹsì. Statius Müller, ará Jámánì, ló fún un lórúkọ sáyẹ́ǹsì rẹ̀ ní 1776. Akọ rẹ̀ gùn tó sẹ̀ǹtímítà 17 láìka ìrù rẹ̀ méjì yẹn, tí a bá wá fi ìrù kún un, gígùn rẹ̀ a di ìlọ́po méjì. Pẹ̀lú gbogbo ẹwà yẹn, ẹyẹ náà kò wúwo ju bíi gíráàmù 15 lọ. Abo rẹ̀ náà pupa lẹ́yìn, orí rẹ̀ sì dúdú, àmọ́ kò ní ìrù gígùn.

Kòkòrò ni oúnjẹ rẹ̀: eṣinṣin, labalábá kékeré, àfòpiná, èsúnsún nígbà tí òjò bá ti mú wọn jáde. Ẹ lọ dúró jẹ́ẹ́ níbi tí ẹ ti rí i, ẹ óò rí bó ṣe ń ṣe é. Yóò jókòó lóròó lórí ẹ̀ka tó rọrùn láti fò kúrò, á máa yí orí. Tí kòkòrò bá kọjá, á já lù ú nínú afẹ́fẹ́, ẹ óò gbọ́ bí ẹnu rẹ̀ ṣe pa kẹ́, á sì padà sórí ẹ̀ka. Nígbà mìíràn á fò mọ́lẹ̀ lábẹ́ ewé, á já ohun tó so mọ́ ọn. Kì í jẹ èso kókó, kì í jẹ ọkà, kì í wu hóró. Kò sí ohun tó ń bàjẹ́ lóko yín.

Ìtẹ́ náà, okùn aláǹtakùn ni wọ́n fi ń so ó pọ̀. Wọ́n á kó èèpo igi fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ àti gbòǹgbò koríko, wọ́n á fi okùn aláǹtakùn dè é mọ́ ẹ̀ka títí yóò fi dúró. Ẹyin 2 tàbí 3 ni abo ń yé, wọ́n funfun díẹ̀, wọ́n sì ní àmì pupa rúsúrúsú. Akọ àti abo ló ń sàba, wọ́n á máa gbà á lọ́wọ́ ara wọn, ìyẹn ló fà á tí ẹ fi bá akọ lórí rẹ̀. Sísàba ẹyin náà tó nǹkan bí ọ̀sẹ̀ méjì, àwọn ọmọ á sì tún lo bíi ọ̀sẹ̀ méjì nínú ìtẹ́. Lẹ́yìn tí wọ́n bá jáde pàápàá, àwọn òbí ṣì ń fi oúnjẹ sí wọn lẹ́nu. Tí ẹ bá gé ẹ̀ka yẹn lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, ẹyin ni ẹ óò dà nù.

Ẹ̀gbọ́n Àgbẹ̀Kàbbà, ẹ jọ̀ọ́, ẹyin kò ní apá.

ÌyáOníkọfí_Ògìdì:
Ẹ ṣeun, ẹ̀yin ọmọ mi. Mo rí irú ẹyẹ yẹn lóko kọfí mi, ṣùgbọ́n tèmi, ikùn rẹ̀ pupa, kì í ṣe eérú. Orí rẹ̀ dúdú kan náà. Ṣé ọmọ rẹ̀ ni, àbí ẹyẹ mìíràn?

OlùwòẸyẹ_Mópà:
Mọ̀mọ́, ẹ kú ojú lọ́wọ́. Ó jọ pé Red-bellied Paradise Flycatcher, Terpsiphone rufiventer, lẹ ń rí. Ìbátan ni wọ́n jẹ́ síra wọn. Ẹlẹ́yìí tí ikùn rẹ̀ pupa fẹ́ràn inú igbó tó ṣú, ẹlẹ́yìí tí ikùn rẹ̀ jẹ́ eérú ń gbé etí igbó, ọ̀dàn onígi àti etí odò. Ibi tí a bá ti gé igbó tó sì hù padà ní kékeré, àwọn méjèèjì á pàdé, wọ́n a sì gun ara wọn, ọmọ tó bá jáde á wà láàárín: ikùn rẹ̀ lè pupa díẹ̀, kó sì ní eérú díẹ̀. Ìdí nìyí tí àwọn tó ń ka ẹyẹ fi máa ń ya àwòrán ikùn àti abẹ́ ìrù kí wọ́n tó sọ pé èyí ni, èyí kọ́ ni.

Ó dára tí kọfí yín bá wà lábẹ́ igi ńlá. Ibòji ni ìyẹn ń fún ẹyẹ yẹn.

ỌmọYàgbà_Jos:
Òkun o. Ọmọ Ìsánlú ni mí, Jos ni mo ti ń kẹ́kọ̀ọ́. Mo fẹ́ fi ohun kan kún ọ̀rọ̀ Ẹ̀gbọ́n Mópà, torí pé òun ló kan ìbéèrè náà jù lọ.

Ilẹ̀ wa kì í ṣe igbó kìjikìji bíi ti Oǹdó. Ọ̀dàn ló pọ̀ ní Yàgbà, ní Bùnú àti lápá Ọ̀wọ́rọ̀, igbó sì wọ inú rẹ̀ ní ìlà ìlà, ẹ̀gbẹ́ odò ló ń tọ̀. Ẹ wò ó láti orí òkè èyíkéyìí ní Ògìdì tàbí Kàbbà nígbà ọyẹ́: gbogbo ilẹ̀ ti gbẹ, apá kan ti jó, ṣùgbọ́n ẹ óò rí ìlà tútù kan tó ń yí kọrọ. Odò ló wà lábẹ́ rẹ̀. Iná ọyẹ́ kì í sábà wọ ibẹ̀ torí pé ilẹ̀ rẹ̀ tutù. Kòkòrò á sá wọ ibẹ̀, ẹyẹ tó ń jẹ kòkòrò á tẹ̀lé e.

Nítorí náà, kì í ṣe pé ẹyẹ yìí ní igbó mìíràn tí yóò fò lọ. Ìlà etí odò yẹn ni igbó tó ní. Tí ẹnì kan bá gé apá tirẹ̀, tí aládùúgbò rẹ̀ náà gé tirẹ̀, ìlà náà á já sí wẹ́wẹ́. Ẹyẹ tó bá sì rí ibòmíràn tó dára, yóò bá akọ mìíràn níbẹ̀ tó ti gbà á, tí yóò máa lé e. Wọ́n máa ń jà sí àyè wọn gan-an nígbà tí wọ́n bá ní ìtẹ́. Ẹyẹ tí kò tó ọwọ́ ènìyàn yìí, mo ti rí i tó ń lé ẹyẹ tó fi ìlọ́po jù ú lọ kúrò lẹ́bàá ìtẹ́ rẹ̀.

Ohun kan tún wà. Ẹ̀yin tó ti pàdé ìjàlọ nínú igbó mọ bí gbogbo ohun tó wà nílẹ̀ ṣe ń sá: ìrẹ̀, aáyán, aláǹtakùn, tata. Àwọn ẹyẹ inú igbó kan mọ̀ ọ́n lọ́jọ́ pípẹ́, wọ́n a tẹ̀lé ìjàlọ, wọ́n a sì máa gbé ohun tó ń sá. Ìjàlọ fúnra rẹ̀ kọ́ ni wọ́n ń wá. Àwọn ẹyẹ kéékèèké mìíràn náà a máa rìn pa pọ̀ lágbo kan: èyí ń yẹ ewé wò, èyí ń wo èèpo igi, èyí ń gbá afẹ́fẹ́. Ohun tí ọ̀kan bá dà sílẹ̀, èkejì á gbé e. Tí ẹ bá dúró létí odò láàárọ̀, ẹ óò rí agbo báyìí tó ń kọjá, igbó á dákẹ́, á tún pariwo lójijì. Ó yẹ kí gbogbo ọmọ wa rí i.

Àgbẹ̀Kàbbà:
Ọmọ Yàgbà, o ṣeun. Ọ̀rọ̀ iná ọyẹ́ yẹn, òótọ́ ni, etí odò ló gba oko ẹ̀gbọ́n mi lọ́dún tí iná wá láti apá kejì.

Àmọ́ ìbéèrè kan wà lọ́kàn mi. Kòkòrò wíníwíní kan ló ń mú kí òdòdó kókó so. Àwọn agbaninímọ̀ràn oko ló kọ́ wa bẹ́ẹ̀. Tí ẹyẹ yìí bá ń jẹ kòkòrò tó ń fò, ṣé kò ní jẹ èyí tó ń ṣe wá lóore? Ẹ má fi ìyìn nìkan sọ fún wa.

ÌyáOníkọfí_Ògìdì:
Ìbéèrè àgbà nìyẹn. Mo gbin kókó náà, mo sì lè dá yín lóhùn níbi tí mo mọ̀.

Kòkòrò tó ń mú òdòdó kókó so kéré púpọ̀, kò tó mílímítà 3. Ẹyẹ tó ń jẹ labalábá àti èsúnsún yóò wá ohun tó ń kún ẹnu. Kì í ṣe pé kò lè gbé ọ̀kan mì, ṣùgbọ́n òun kọ́ ló ń dín wọn kù. Àìsí ibi tí wọ́n ti ń bí ló ń dín wọn kù. Ewé jíjẹrà, èèpo kókó tí a ti fọ́, kùkùté ọ̀gẹ̀dẹ̀ tó ń jẹrà, inú àwọn nǹkan tútù báwọ̀nyí ni kòkòrò náà ti ń bí. Ẹni tó bá gbá oko mọ́ kanlẹ̀, tó gé igi ibòji, tó sì ń fín oògùn kòkòrò láìmọ ìgbà, òun ló ń pa wọ́n.

Ní ti ẹyẹ náà, èmi kò ní parọ́ pé yóò gba oko kókó lọ́wọ́ kòkòrò tó ń mu omi èso. Ohun tó bá fò kọjá ló ń mú, ì báà jẹ́ ọ̀tá wa, ì báà jẹ́ lámilámi tí kò ṣe wá ní nǹkan. Ṣùgbọ́n gbogbo wọn pa pọ̀, ẹyẹ, aláǹtakùn, alángbá, èèrà, wọ́n ń jẹ púpọ̀ lójoojúmọ́ láìgbowó lọ́wọ́ wa. Èmi fẹ́ wọn lóko mi.

ỌmọÌyàmoyè:
Mọ̀mọ́, ẹ ṣé gan-an. Ìyẹn mú mi rántí: àsìkò tí a ń fín oògùn sí kókó ti dé. Òjò ti bẹ̀rẹ̀, èso kan ti ń dúdú, ó ń rà. Ṣé ìyẹn lè pa àwọn ọmọ ẹyẹ náà?

ÌyáOníkọfí_Ògìdì:
Ẹ ya oògùn méjèèjì sọ́tọ̀. Èyí tí a ń fín torí èso tó ń dúdú, ti èbu tó ń mú èso rà ni, kì í ṣe ti kòkòrò. Èso tó ti rà gan-an ni kí ẹ kọ́kọ́ ká kúrò, ẹ má sì jẹ́ kó wà lórí igi kí òjò máa fọ́n àrùn rẹ̀ ká. Èyí tó ń pa kòkòrò ló lè ṣe ẹyẹ ní jàǹbá, yálà kó jẹ kòkòrò tó ti gba oògùn, tàbí kí oúnjẹ tán lẹ́bàá ìtẹ́ nígbà tí ẹnu ọmọ ń ṣí. Ẹni tó máa ń fín tèmi, mo sọ fún un pé kò gbọ́dọ̀ gbé pọ́ọ̀ǹpù súnmọ́ odò. Omi yẹn náà là ń pọn. Kì í ṣe tìtorí ẹyẹ nìkan.

TíṣàẸ̀gbẹ̀:
Ẹ jẹ́ kí n sọ ti àwọn ọmọ wa. Ìtẹ́ tó wà níbi tí ọwọ́ lè kàn yìí, ẹ má fi àwòrán ibi tó wà sórí íntánẹ́ẹ̀tì, ẹ má sì mú àwọn ọmọdé lọ wò ó lọ́pọ̀. Àwọn tó ń mú rọ́bà ta ẹyẹ kò jìnnà. Ẹni tó bá ń tọ ipa kan náà lọ síbẹ̀ lójoojúmọ́ ń lànà fún ejò àti ológbò. Ẹ má tẹ ẹ̀ka náà wálẹ̀ láti wo ẹyin. Ẹ dúró lọ́nà jíjìn, níbi tí akọ kò ti ní dẹ́kun sísàba.

Ní ilé ẹ̀kọ́ wa, mo máa ń jẹ́ kí wọ́n jókòó lábẹ́ igi fún ìṣẹ́jú díẹ̀, kí wọ́n kọ gbogbo ẹyẹ tí wọ́n bá gbọ́ ohùn rẹ̀. Ọmọ tó bá ti mọ ohùn ẹyẹ kan kì í tètè ta á. Lọ́jọ́ kan, ẹyẹ kékeré dúdú àti funfun kan wá, ẹran ara pupa kan wà lókè ojú rẹ̀. Kò bẹ̀rù wa rárá. Ẹ̀gbọ́n Mópà, kí ni yẹn?

OlùwòẸyẹ_Mópà:
Brown-throated Wattle-eye, Platysteira cyanea, sẹ̀ǹtímítà 13 péré. Tíṣà, ẹ yẹ ọ̀fun rẹ̀ wò lọ́jọ́ mìíràn. Tí ọ̀fun bá funfun tí ìlà dúdú kan gba àyà kọjá, akọ ni. Tí ọ̀fun bá pupa rúsúrúsú, abo ni. Takọtabo ni wọ́n máa ń rìn, wọ́n a sì máa dá ara wọn lóhùn. Òun náà, kòkòrò ló ń jẹ, okùn aláǹtakùn ló sì fi ń kọ́ ìtẹ́. Kò ní lórúkọ tó ti Paradise, àmọ́ mo fẹ́ràn rẹ̀ ju gbogbo wọn lọ, nítorí pé ó lè wá jókòó síwájú ojú yín kó máa bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ.

Àgbẹ̀Kàbbà:
Mo ti ka gbogbo rẹ̀. Àwọn àgbà ní, tí a bá ń gé igi nínú igbó, ká máa fi ọ̀rọ̀ ro ara ẹni wò. ỌmọÌyàmoyè, jẹ́ kí n fi ọ̀rọ̀ oko bá àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ sọ̀rọ̀, kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹyẹ.

Bèbè tí wọ́n ń pè ní ilẹ̀ tó ń tutù, igi ló mú un tutù. Gbòǹgbò ìrókò àti àfàrà ló di bèbè mú. Tí wọ́n bá gé e, oòrùn á bọ́ sórí omi, òjò ńlá àkọ́kọ́ á gbá ilẹ̀ dúdú yẹn sínú odò, yanrìn ni yóò kù fún tòmátì. Mo ti rí i ní oko tó wà nísàlẹ̀ tiwa: ọdún àkọ́kọ́ ó so dáadáa, lẹ́yìn ìyẹn, bèbè bẹ̀rẹ̀ sí í ya. Ìsinsìnyí, omi rẹ̀ máa ń tán kí ẹ̀ẹ̀rùn tó parí.

Ibi tí ilẹ̀ ti tẹ́jú lẹ́yìn ìlà igi yẹn ni kí wọ́n fi gbin ẹ̀fọ́. Kí wọ́n gbé omi láti inú odò pẹ̀lú ẹ̀rọ kékeré tàbí korobá. Iṣẹ́ rẹ̀ pọ̀ díẹ̀, ṣùgbọ́n ilẹ̀ yóò wà lọ́dún tó ń bọ̀.

ỌmọÌyàmoyè:
Ẹ̀gbọ́n, ẹ ṣé púpọ̀. Mo ka èyí fún wọn lórí fóònù lálẹ́ àná. Ẹ̀gbọ́n mi àgbà gbà pé kí a má fọwọ́ kan ìlà etí odò náà, lọ́tùn-ún lósì, kí a gbin ẹ̀fọ́ sórí ilẹ̀ títẹ́jú. Èkejì kò tíì gbà, owó igi ló wà lọ́kàn rẹ̀. A ti jọ fẹnu kò pé onípákó kò ní gé ohunkóhun títí òjò ọdún yìí yóò fi kásẹ̀ nílẹ̀, ká lè tún jókòó sọ̀rọ̀ dáadáa. Àwọn ọmọ ẹyẹ á ti jáde nígbà yẹn. Mo sì ti ní kí ẹni tó ń fín oògùn bá mi sọ̀rọ̀ kó tó gbé pọ́ọ̀ǹpù.

ỌmọYàgbà_Jos:
Inú mi dùn sí èyí gan-an. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ kọ ohun tí ẹ ń rí sílẹ̀. Iṣẹ́ kan wà tí wọ́n fi ń ya àwòrán ilẹ̀ nípa gbogbo ẹyẹ Nàìjíríà, Nigerian Bird Atlas Project. Wọ́n pín ilẹ̀ sí àpótí àpótí tí ọ̀kọ̀ọ̀kan fẹ̀ tó nǹkan bíi kìlómítà 9 síbùú, kìlómítà 9 sóròó. Ẹnikẹ́ni lè gba áàpù BirdLasser sórí fóònù rẹ̀, kó máa tẹ ẹyẹ tó rí síbẹ̀ bó ṣe ń rìn lóko. Kò pọn dandan kí ẹ mọ gbogbo ẹyẹ. Ẹ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú èyí tí ó dá yín lójú. Ẹ̀yin tó wà lóko lójoojúmọ́ ń rí ju ẹnikẹ́ni tó bá wá láti yunifásítì fún ọjọ́ mélòó kan lọ.

ỌmọÌyàmoyè, tí àwọn ọmọ bá jáde, ẹ wo ìrù wọn: àwọn tó jẹ́ akọ náà kò ní ní ìrù gígùn lọ́dún yìí. Ẹ má rò pé abo ni gbogbo wọn.

TíṣàẸ̀gbẹ̀:
BirdLasser yẹn, ṣé ó ń ṣiṣẹ́ níbi tí kò ti sí nẹ́tíwọ́ọ̀kì? Ilé ẹ̀kọ́ wa wà lábẹ́ òkè.

ỌmọYàgbà_Jos:
Bẹ́ẹ̀ ni, sà. GPS fóònù yín ló ń lò láti mọ ibi tí ẹ wà. Ẹ tẹ ẹyẹ náà síbẹ̀, nígbà tí ẹ bá dé ibi tí nẹ́tíwọ́ọ̀kì wà, ẹ fi ránṣẹ́. Tí ẹ bá nílò ìrànlọ́wọ́ láti bẹ̀rẹ̀, ẹ kọ̀wé sí mi níbí, màá bá yín tò ó.